Àbítírétọ̀ Ti Dá Mi Láre, Owó Ọjà Mi Dà? Ìbéèrè àti Ìdáhùn

Àwọn tó ń kó ọjà fún ilé iṣẹ́ ńlá ló sábà máa ń béèrè àwọn ìbéèrè wọ̀nyí: ẹni tó ń kó pálí, ẹni tó ń kó irin, ẹni tó ń kó kẹ́míkà wọlé láti òkè òkun. Àbítírétọ̀ ni ẹni tí àwọn tó ń ṣe òwò pọ̀ gbà nínú àdéhùn wọn pé kó dá ẹjọ́ wọn dípò kóòtù; irú ìgbẹ́jọ́ bẹ́ẹ̀ ni à ń pè ní àbítíréṣọ̀n. Òfin Nàìjíríà ni mo ń sọ níbí, àyàfi níbi tí mo bá ti dárúkọ ilẹ̀ mìíràn. Ẹjọ́ kọ̀ọ̀kan ní ojú tirẹ̀, torí náà ẹ mú ìwé yín lọ bá lọ́yà kí ẹ tó gbé ìgbésẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ má lọ bá a láìmọ ohun tí ẹ fẹ́ bi í.

Mo jàre níwájú àbítírétọ̀. Ṣé owó ti dé nìyẹn?

Kò tíì dé. Àbítírétọ̀ kò ní akódà tó lè rán lọ sílé onígbèsè, kò lè pàṣẹ fún báńkì, kò sì lè gbẹ́sẹ̀ lé dúkìá ẹnikẹ́ni. Tó bá ti fọwọ́ sí ìdájọ́ rẹ̀ tó sì fi ránṣẹ́ sí ẹ̀yin méjèèjì, iṣẹ́ tirẹ̀ parí. Kóòtù ló kù.

Òótọ́ ni pé àwọn ilé iṣẹ́ kan máa ń sanwó láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni tún pè wọ́n lẹ́jọ́, pàápàá tí wọ́n bá ṣì fẹ́ máa ra ọjà lọ́wọ́ yín. Ẹ kọ lẹ́tà sí wọn, ẹ fún wọn ní bí ọ̀sẹ̀ méjì. Tó bá kọjá bẹ́ẹ̀ tó jẹ́ pé “ẹ ṣe sùúrù fún wa” lẹ ṣì ń gbọ́, ẹ mọ ohun tó kàn.

Ṣé màá tún ẹjọ́ náà rò láti ìbẹ̀rẹ̀ ní kóòtù ni?

Rárá o. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ sọ ní 2001, nínú ẹjọ́ Ras Pal Gazi Construction àti FCDA, pé ìdájọ́ àbítírétọ̀ dọ́gba pẹ̀lú ìdájọ́ kóòtù. Àyè láti fi agbára kóòtù gba ohun tí wọ́n ti dá fún yín lẹ wá tọrọ. Adájọ́ kò ní béèrè bóyá símẹ́ńtì tí ẹ kó wá ti dì, tàbí bóyá iye àpò tó wà nínú wébìlì (ìwé tó ń bá ọjà rìn) bá ti ínfọ́ìsì (ìwé owó ọjà) mu. Àbítírétọ̀ ti yanjú ìyẹn, kódà bó bá tilẹ̀ ṣì í yanjú.

Òfin wo ló wà nídìí rẹ̀?

Arbitration and Mediation Act 2023, tí Ààrẹ Muhammadu Buhari fọwọ́ sí ní ọjọ́ 26 oṣù Karùn-ún 2023, nígbà tó ku ọjọ́ mẹ́ta kó gbé ìjọba sílẹ̀. Òun ló rọ́pò òfin ayé ológun ti 1988. Abala 57 sọ bí wọ́n ṣe ń mú ìdájọ́ ṣẹ, abala 58 sọ ìdí tí kóòtù fi lè kọ̀, abala 60 wà fún ìdájọ́ ilẹ̀ òkèèrè.

Kóòtù wo ni kí n lọ?

Tó bá jẹ́ ọjà lásán lẹ kó fún ẹni tó ní kí ẹ kó o wá, Ilé Ẹjọ́ Gíga ti ìpínlẹ̀ ni. Àwọn kan máa ń sáré lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ torí pé ilé iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ló jẹ wọ́n lówó. Ẹ ṣọ́ra. Ní 2005, nínú ẹjọ́ Onuorah àti ilé iṣẹ́ ìfọpo Kàdúná, agolo òfìfo ni wọ́n ń jà lé lórí. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ní àdéhùn òwò lásán kì í ṣe ti kóòtù ìjọba àpapọ̀, ẹni yòówù tí wọ́n ìbáà pè lẹ́jọ́. Wọ́n gbé ẹjọ́ yẹn dé òkè pátápátá, ẹnu ọ̀nà ló sì ti ṣìnà. Òfin 2023 dárúkọ kóòtù méjèèjì lóòótọ́, ṣùgbọ́n ohun tí ẹ ń jà lé lórí ló ń pinnu èyí tó tọ́ sí yín.

Ìwé wo ni mo máa kó lọ?

Méjì ni òfin dárúkọ: ìdájọ́ àbítírétọ̀ fúnra rẹ̀, ojúlówó tàbí ẹ̀dà tí wọ́n jẹ́rìí sí, àti ìwé àdéhùn tó sọ pé àbítírétọ̀ ni yóò dá ẹjọ́ yín, òun náà ní ojúlówó tàbí ẹ̀dà tí wọ́n jẹ́rìí sí. Bí wọ́n bá kọ èyíkéyìí ní èdè tí kì í ṣe Gẹ̀ẹ́sì, ẹ fi ìtumọ̀ tí wọ́n jẹ́rìí sí kún un. Lọ́yà yín á kọ mósàn, ìyẹn ìwé ìbéèrè sí kóòtù, á sì fi àfídáfítì tì í lẹ́yìn: iye tí wọ́n dá fún yín, èlé, èyí tí wọ́n ti san bí ó bá wà, àti ọjọ́ tí ìdájọ́ tẹ̀ yín lọ́wọ́.

Ìwé kejì yẹn ló máa ń dá wàhálà sílẹ̀ nínú òwò ọjà kíkó. Ọ̀pọ̀ oníṣòwò kò jókòó kọ àdéhùn kankan rí. LPO, ìwé tí ilé iṣẹ́ fi ń ní kí ẹ kó ọjà wá, ni wọ́n fi ránṣẹ́ sí i. Ọ̀rọ̀ kan tí wọ́n fi lẹ́tà wínníwínní kọ wà lẹ́yìn LPO náà, nínú rẹ̀ ni wọ́n ti sọ pé bí ìjà bá dé, àbítíréṣọ̀n ni. Akọ̀wé yín ṣe fọ́tókópì ojú ìwé iwájú fún fáìlì, ó dá ojúlówó padà pẹ̀lú wébìlì. Nígbà tí ọ̀rọ̀ dé kóòtù, ẹ̀yìn ìwé kò sí lọ́wọ́ yín mọ́, ẹ wá ń wá a lọ́wọ́ ẹni tó jẹ yín ní gbèsè. Láti ìsinsìnyí lọ, tojú tẹ̀yìn ni kí ẹ máa ṣe ẹ̀dà. Bó bá jẹ́ orí ímeèlì lẹ ti fẹnu kò, ìyẹn náà jẹ́ ìwé lójú òfin 2023. Ẹ má pa á rẹ́.

Ṣé àkókò lè tán lọ́wọ́ mi?

Ó lè tán. Ọdún mẹ́fà ni òfin fúnni láti lépa owó àdéhùn lásán. Láti ọjọ́ wo ni wọ́n wá ń kà á? Ẹ ó rò pé láti ọjọ́ tí àbítírétọ̀ dá ẹjọ́ ni. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ kò rò bẹ́ẹ̀. Ní 1974, nínú ẹjọ́ ilé iṣẹ́ ọkọ̀ ojú omi Murmansk àti Kano Oil Millers, wọ́n ní ọjọ́ tí wọ́n ti da àdéhùn ni òǹkà ti bẹ̀rẹ̀. Wọ́n tún un sọ ní 1997, nínú ẹjọ́ City Engineering àti Federal Housing Authority.

Ẹ wo ohun tí ìyẹn ṣe fún àwọn ènìyàn. Ká ní wọ́n kọ̀ láti san owó ọjà yín ní 2012, tí àbítíréṣọ̀n sì gba ọdún mẹ́rin: ọdún méjì péré ló kù fún yín. Bó bá gba ọdún mẹ́fà ààbọ̀, ẹ ti pàdánù kí wọ́n tó dá yín láre. Onígbèsè tó gbọ́n mọ èyí dáadáa, ìdí nìyẹn tí àwọn kan fi máa ń tọrọ ìsúnsíwájú ẹjọ́ lemọ́lemọ́, lónìí lọ́yà ń ṣàìsàn, lọ́la ẹlẹ́rìí rìnrìn àjò.

Lójú tèmi, abala 34 ni ohun tó dára jù tí òfin 2023 ṣe fún oníṣòwò. Ó ní kí wọ́n yọ gbogbo àkókò tó wà láàrin ìbẹ̀rẹ̀ àbítíréṣọ̀n àti ọjọ́ ìdájọ́ kúrò nínú òǹkà náà. Ṣùgbọ́n kò sọ òǹkà di ọ̀tun o. Bí ẹ bá ti fi ọdún mẹ́rin bẹ onígbèsè kí ẹ tó pè é wá síwájú àbítírétọ̀, ọdún mẹ́rin yẹn ti lọ. Méjì ló kù fún yín lẹ́yìn ìdájọ́.

Onígbèsè ní òun máa ta ko ìdájọ́ náà. Kí ló lè sọ?

Láàrin oṣù mẹ́ta tí ìdájọ́ tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́, ó lè ní kí kóòtù fagi lé e (abala 55). Bí oṣù mẹ́ta bá kọjá, ó ṣì lè dúró dè yín níbi tí ẹ ti ń tọrọ àṣẹ ìmúṣẹ, kó ní kí kóòtù má gbà. Ọ̀rọ̀ tó lè sọ kò pọ̀: pé àdéhùn àbítíréṣọ̀n náà kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀, pé wọn kò fi tó òun létí, tàbí wọn kò jẹ́ kí òun ro ẹjọ́ tòun, pé àbítírétọ̀ dá ohun tí ẹ kò gbé síwájú rẹ̀, pé bí wọ́n ṣe yàn án kò bá àdéhùn mu, pé wọ́n ti fagi lé ìdájọ́ náà níbi tó ti jáde. Kóòtù fúnra rẹ̀ lè sọ pé irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ kì í ṣe ti àbítírétọ̀, tàbí pé ìdájọ́ náà ta ko ìlànà ìlú.

Pé owó ti pọ̀ jù kì í ṣe ìdí. Pé àbítírétọ̀ gba ẹlẹ́rìí tí kò yẹ kó gbà gbọ́ kì í ṣe ìdí. Pé dọ́là gbówó lórí kì í ṣe ìdí.

Èyí tí wọ́n fẹ́ràn jù ni “wọn kò fi tó mi létí”. Ọ̀gá ilé iṣẹ́ á búra pé òun kò rí ìwé kankan, pé àwọn ti kó kúrò ní àdírẹ́sì yẹn tipẹ́. Torí náà, rìsíìtì kúríà, ímeèlì, ẹ̀dà ìwé tí wọ́n fi òǹtẹ̀ lù ní ríséṣọ̀n wọn, gbogbo rẹ̀ ni kí ẹ tọ́jú láti ọjọ́ tí àbítíréṣọ̀n ti bẹ̀rẹ̀.

Abala 56 tún gbà kí ẹ kọ ọ́ sínú àdéhùn pé ìgbìmọ̀ àbítírétọ̀ mìíràn lè tún ìdájọ́ yẹ̀ wò. Bí ẹ kò bá kọ ọ́, kò sí. Fún ọjà kíkó, mi ò rí ohun tí ẹ fẹ́ fi ṣe.

Ẹjọ́ P&ID ńkọ́? Ṣé kò fi hàn pé ìdájọ́ àbítírétọ̀ kò lágbára?

Bí ẹ bá ka gbogbo rẹ̀, ẹ ó rí i pé òdìkejì ló fi hàn. Ní oṣù Kìíní 2010, P&ID, ilé iṣẹ́ tó forúkọ sílẹ̀ ní British Virgin Islands, bá iléeṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí epo rọ̀bì ṣe àdéhùn. Nàìjíríà á máa pèsè gáàsì tí wọn kò tíì fọ̀ fún ogún ọdún, P&ID á kọ́ ibi tí wọ́n á ti máa fọ̀ ọ́, á sì dá èyí tó mọ́ padà fún iná mànàmáná. Gáàsì kò dé, P&ID náà kò kọ́ nǹkan kan. Ní oṣù Kìíní 2017, àwọn àbítírétọ̀ ní London ní kí Nàìjíríà san bílíọ̀nù 6.6 dọ́là, pẹ̀lú èlé ìdá méje nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dọọdún. Ní 2019, kóòtù London fún P&ID láṣẹ ìmúṣẹ.

Àkókò tí òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fún Nàìjíríà láti ta ko ìdájọ́ ti kọjá nígbà náà. Ní 2020 ni adájọ́ kan gbà kí wọ́n tún ilẹ̀kùn ṣí fún un. Owó náà ti kọjá bílíọ̀nù 11 dọ́là nígbà tí Adájọ́ Robin Knowles sọ, ní ọjọ́ 23 oṣù Kẹwàá 2023, pé jìbìtì ni wọ́n fi gba ìdájọ́ náà: wọ́n fún òṣìṣẹ́ ìjọba ní rìbá, wọ́n gbé ẹ̀rí èké síwájú àbítírétọ̀, ìwé àṣírí láàrin ìjọba àti àwọn lọ́yà rẹ̀ sì wà lọ́wọ́ wọn bí ẹjọ́ ti ń lọ.

Ohun tó gbà kí ìdájọ́ kan ṣoṣo tó wó nìyẹn. Onígbèsè yín tó ń pariwo P&ID torí pé nọ́ńbà ínfọ́ìsì kan yàtọ̀ kò tíì bẹ̀rẹ̀.

Kóòtù ti fún mi láṣẹ. Báwo ni mo ṣe ń gba owó gan-an?

Báńkì ló yá jù. Gáníṣíì ni àwọn lọ́yà ń pè é: ẹ ní kí kóòtù pàṣẹ fún báńkì tí onígbèsè ń kó owó sí pé kó san owó náà fún yín. Lákọ̀ọ́kọ́, ẹ̀yin nìkan lẹ máa lọ síwájú adájọ́, onígbèsè kò ní sí níbẹ̀. Àṣẹ onígbà díẹ̀ á jáde, báńkì á dá owó dúró, wọ́n á sì ní kó wá sọ ìdí tí kò fi yẹ kó san án. Ó kéré tán, ọjọ́ mẹ́rìnlá gbọ́dọ̀ wà láàrin ọjọ́ tí wọ́n fi ìwé náà lé báńkì àti onígbèsè lọ́wọ́ àti ọjọ́ ìgbẹ́jọ́. Bí báńkì kò bá ní àlàyé gidi, àṣẹ náà á di pátápátá.

Láyé àtijọ́, ológò ni olówó máa ń rán lọ jókòó ti onígbèsè, tí yóò máa yọ ilé lẹ́nu títí ẹbí yóò fi dá owó jọ. Gáníṣíì kò láriwo tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ tí kò lè san owó oṣù ní ìparí oṣù á wá yín wá.

Àìmọ àkáùntù ló ń bà á jẹ́. Lọ́yà á to orúkọ ogún báńkì sínú ìwé, á máa retí pé ọ̀kan á bọ́ sí i. Lọ́jọ́ ìgbẹ́jọ́, lọ́yà báńkì àkọ́kọ́ á dìde: “Olúwa mi, a kò ní oníbàárà tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀.” Èkejì á ní àkáùntù wà, ẹgbẹ̀rún méjìlá náírà ló wà níbẹ̀. Ẹ̀kẹta á ní owó wà, àmọ́ ilé iṣẹ́ náà jẹ báńkì ní gbèsè tó jù ú lọ. Bẹ́ẹ̀ ó ti pẹ́ tí onígbèsè yìí ti ń fi owó ránṣẹ́ sí yín láti inú àkáùntù kan náà, orúkọ báńkì rẹ̀ sì wà nínú alẹ́ẹ̀tì orí fóònù yín. Ẹ má pa alẹ́ẹ̀tì rẹ́ o.

Bí ti báńkì kò bá ṣeé ṣe, akódà kóòtù lè gbẹ́sẹ̀ lé ọkọ̀, jẹnẹrétọ̀ àti ọjà inú wíà-háọ̀sì, kí wọ́n lù ú ní gbànjo. Ilẹ̀ àti ilé ló gbẹ̀yìn: ẹ gbọ́dọ̀ gba àyè lọ́wọ́ kóòtù, kí ẹ sì fi hàn pé ẹrù tó ṣeé gbé kò tó san gbèsè náà.

Ọ̀nà kan tún wà nínú CAMA 2020, òfin tó ń darí àwọn ilé iṣẹ́. Bí gbèsè bá ju ₦200,000 lọ, ẹ kọ̀wé béèrè rẹ̀. Bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta bá kọjá tí wọn kò san án, ẹ lè ní kí kóòtù ìjọba àpapọ̀ tú ilé iṣẹ́ náà ká. Ẹ ro ó dáadáa kí ẹ tó dán an wò. Bí wọ́n bá tú u ká, ẹ̀yin àti gbogbo àwọn tó jẹ lówó lẹ jọ máa pín ìyókù, báńkì tó ti gba ìdógò á sì ti mú tirẹ̀ lọ.

Tó bá jẹ́ ìjọba ló ra ọjà ńkọ́?

Ẹ múra sílẹ̀ fún abala 84 nínú Sheriffs and Civil Process Act, òfin tó sọ bí wọ́n ṣe ń mú ìdájọ́ kóòtù ṣẹ. Bí owó bá wà ní ìkáwọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, ẹ kò lè ṣe gáníṣíì rẹ̀ láìjẹ́ pé Agbẹjọ́rò Àgbà ìjọba (Attorney-General) gbà. Ìyẹn ni pé ẹ ń tọrọ àyè lọ́wọ́ lọ́yà ẹni tó jẹ yín lówó. Nínú ẹjọ́ CBN àti Interstella ní 2017, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ní kò pọn dandan níbi tí Agbẹjọ́rò Àgbà fúnra rẹ̀ ti wà lára àwọn tó jẹ gbèsè náà. Àyè díẹ̀ nìyẹn, kì í ṣe gbogbo ìgbà ló máa bá ọ̀rọ̀ yín mu.

Ìdájọ́ tó jáde ní òkèèrè lè ṣiṣẹ́ ní Nàìjíríà bí?

Ó lè ṣiṣẹ́. Àdéhùn New York ti 1958, èyí tí àwọn orílẹ̀-èdè fi gbà láti máa mú ìdájọ́ àbítírétọ̀ ara wọn ṣẹ, la ń lò, Nàìjíríà sì ti wọ inú rẹ̀ láti 1970. Orílẹ̀-èdè tó wà níbẹ̀ báyìí lé ní 170. Ohun méjì ni wọ́n ń béèrè níbí: kí ilẹ̀ tí ìdájọ́ ti jáde náà wà nínú àdéhùn yẹn, kí ọ̀rọ̀ náà sì jẹ́ ti òwò. China wà níbẹ̀, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wà níbẹ̀. Torí náà, ẹni tí ẹ ra ẹ̀rọ lọ́wọ́ rẹ̀ tí ẹ kò san owó rẹ̀ tán lè gba ìdájọ́ níbẹ̀, kó sì gbé e wá bá yín ní Èkó.

Ìdájọ́ Èkó náà lè rìnrìn àjò. Ní 2004, ilé iṣẹ́ IPCO gba ìdájọ́ tó lé ní mílíọ̀nù 152 dọ́là lórí NNPC nílé níbí, ó sì gbé e lọ sí London láti lọ mú un ṣẹ. NNPC ní ìwé ayédèrú wà nínú ẹjọ́ náà, ọ̀rọ̀ sì di ti kóòtù. Ní 2017, ó ṣì wà níwájú Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Bí kóòtù Èkó bá ti fagi lé ìdájọ́, ẹ má retí pé òkèèrè á jí i dìde: ilé iṣẹ́ Baker Marine gbìyànjú rẹ̀ ní New York lórí Chevron, kóòtù Amẹ́ríkà sì kọ̀ fún un ní 1999.

Ẹni tó ra ọjà mi wà ní Kútọnu.

Benin àti Tógò wà nínú OHADA, ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà tó ń lo òfin òwò kan náà; Nàìjíríà kò sí níbẹ̀. Lábẹ́ òfin àbítíréṣọ̀n tí OHADA tún ṣe ní Conakry ní oṣù Kọkànlá 2017, bí ẹ bá bẹ kóòtù fún àṣẹ ìmúṣẹ, ọjọ́ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ló ní. Bó bá kọjá bẹ́ẹ̀ tí kò fèsì, a jẹ́ pé ó ti gbà. Ó wù mí kí tiwa rí bẹ́ẹ̀. Bí gbogbo dúkìá oníbàárà yín bá wà ní Kútọnu, ẹ rò ó dáadáa bóyá kò ní sàn kí ẹ fi ibẹ̀ ṣe ibùdó àbítíréṣọ̀n (ibi tí òfin máa kà á sí pé ìdájọ́ ti jáde) látìbẹ̀rẹ̀. Bí ìdájọ́ bá jáde ní Èkó, ó ṣì lè wọ Benin, torí àwọn náà ti wà nínú àdéhùn New York láti 1974.

Mo gbọ́ pé ó ti ń ta ọkọ̀ àti ẹ̀rọ rẹ̀ kí ìdájọ́ tó jáde.

Ẹ má dúró de ìdájọ́. Kóòtù lè fún yín ní àṣẹ Mareva, tó máa dá owó àti dúkìá rẹ̀ dúró. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ti gbà á láti 1992, nínú ẹjọ́ Sotuminu àti Ocean Steamship. Àbítírétọ̀ náà lè pàṣẹ ìdádúró lábẹ́ òfin 2023, kóòtù á sì mú un ṣẹ. Ẹ mú ẹ̀rí dání: fọ́tò ọkọ̀ tí wọ́n lẹ “for sale” mọ́ lára, ìpolówó orí íntánẹ́ẹ̀tì, ohunkóhun tó bá ti ju “mo gbọ́ pé” lọ.

Gbèsè tèmi kò ju mílíọ̀nù mẹ́ta lọ.

Owó àbítírétọ̀ lè jẹ ẹ́ tán. Ní Èkó, kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ gbèsè kéékèèké ń gba ẹjọ́ tí kò ju mílíọ̀nù márùn-ún náírà lọ láti 2018. Àmọ́ bí àbítíréṣọ̀n bá ti wà nínú àdéhùn yín, onígbèsè lè ní kí kóòtù dá ẹjọ́ náà dúró. Nínú àdéhùn tó ń bọ̀, ẹ yọ gbèsè kékeré kúrò lábẹ́ àbítíréṣọ̀n. Fún èyí tó kù, àbítírétọ̀ kan tó, ẹ má yan mẹ́ta. Ẹ kọ ìlú tó jẹ́ ibùdó, iye èlé, irú owó tí wọ́n máa san, àti ímeèlì tí ìwé gbọ́dọ̀ gbà.

Onígbèsè ránṣẹ́ pé òun fẹ́ san díẹ̀díẹ̀. Ṣé kí n gbà?

Ẹ gbà, bó bá ti jọ pé ó lè san án. Àmọ́ ẹ má torí ọ̀rọ̀ ẹnu yọ mósàn yín kúrò ní kóòtù. Ẹ gba owó àkọ́kọ́ ná. Ẹ kọ iye àti ọjọ́ sílẹ̀, kí ẹ sì kọ ọ́ pé bó bá tàsé ẹ̀ẹ̀kan, gbogbo ìyókù di sísan lẹ́ẹ̀kan náà, lẹ́yìn náà ẹ ní kí adájọ́ sọ ọ́ di àṣẹ kóòtù. Bó bá fún yín ní sọ̀wédowó fún oṣù kọ̀ọ̀kan, ẹ gbé ọ̀kọ̀ọ̀kan lọ sí báńkì kí oṣù mẹ́ta tó pé sí ọjọ́ tí wọ́n kọ sí orí rẹ̀, torí sọ̀wédowó tí kò lówó nídìí jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀daràn, ṣùgbọ́n láàrin oṣù mẹ́ta yẹn nìkan ni òfin náà ti lè ràn yín lọ́wọ́.